ẸNI TÓ GBA KỌ́KỌ́RỌ́ KÒ TÍÌ GBA ILÉ

Ọ̀rọ̀ tòní gùn, ó sì máa bí àwọn kan nínú, pàápàá àwọn ẹlẹgbẹ́ wa tó ń dúró lórí pẹpẹ. Ẹ farabalẹ̀ kà á tán ná kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀ sí í bú wa.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2021, tọkọtaya kan nínú ìjọ wa jáde wá jẹ́rìí. Wọ́n ti ra ilé ní Kent. Arákùnrin na kọ́kọ́rọ́ sókè, gbogbo ìjọ hó yèè. Àwa pásítọ̀ la kọ́kọ́ bọ́ sílẹ̀ láti bá wọn jó. A ní kí gbogbo ẹni tó ṣì ń gbé ilé onílé wá fọwọ́ kan kọ́kọ́rọ́ náà kó lè ràn wọ́n. A gba ọrẹ ìdúpẹ́. Kò sí ẹnì kan nínú wa tó béèrè pé: èló ni gbogbo ẹ̀ máa jẹ́ kó tó parí?

Ní òpin ọdún 2023, arábìnrin yẹn wá bá wa ní ọ́fíìsì lẹ́yìn ìsìn ọjọ́rú. Ó ń sunkún. Owó tí wọ́n yá jẹ́ £200,000, ọdún 25 ni wọ́n fi máa san án. Ọdún méjì àkọ́kọ́, èlé wà ní 2%, wọ́n ń san nǹkan bí £848 lóṣù. Nígbà tí ọdún méjì pé, èlé di 6%, owó oṣù sì fò sí nǹkan bí £1,254. £406 ló gorí ẹ̀, lóṣooṣù. Arábìnrin yìí ti ń ṣiṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó lóru, ó tún wá fi ọ̀sán kún un. Oṣù méje ni wọ́n fi jẹ ìyà yìí mọ́ra.

A ní, "Kí ló dé tẹ́ ò tètè sọ?"

Ó ní, "Dádì, a ti jẹ́rìí tán. Kí la fẹ́ wá sọ?"

Ẹ̀yin ará, ọ̀rọ̀ yẹn gún wa lọ́kàn. Ẹ má jẹ̀ẹ́ ká sì purọ́: ọkọ ẹ̀ ti kọ́kọ́ ta wá lólobó ṣáájú ìgbà yẹn pé owó ilé ti ń le. Kí la sọ fún un? A ní kí wọ́n gba ààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta lórí ajẹnirun. Ajẹnirun kọ́ ló wà níbẹ̀. Ìwé àdéhùn ló wà níbẹ̀, ọjọ́ tí èlé máa yí padà sì wà nínú ẹ̀ gedegbe. Àwọn ò kà á dáadáa, àwa náà ò béèrè.

Gbogbo ayé ló mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Títí di oṣù Kejìlá ọdún 2021, iye èlé tí Bank of England gbé kalẹ̀ kò ju 0.1% lọ. Nígbà tó fi máa di oṣù Kẹjọ ọdún 2023, ó ti di 5.25%. Ẹni tó ti ti èlé tiẹ̀ pa fún ọdún márùn-ún rí ibi sá sí. Ẹni tí ọdún méjì tiẹ̀ pé láàárín ìgbà yẹn, orí ẹ̀ ló fọ́ lé. Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ ló dá. Kì í ṣe ìdámẹ́wàá ni kò san.

Ẹ gbọ́ wa yé o. A ò sọ pé ẹ má ra ilé. A ò sọ pé ẹ̀ṣẹ̀ ni kéèyàn yá owó. Ẹni tó ń san owó ilé onílé náà mọ ohun tójú ẹ̀ ń rí. Ohun tí à ń bá jà ni ẹ̀rí tí kò ní ìṣirò nínú. Ohun tí à ń bá jà ni àwa oníwàásù tí à ń kígbe pé "Ìwọ náà á di lándílọ́ọ̀dù lọ́dún yìí!" tí a ò sì lè ṣàlàyé ìwé ojú ewé kan fún ọmọ ìjọ.

Ó yá, ẹ mú bírò.

Ẹ yá £200,000 ní 5%, ọdún 25. Owó oṣù yín máa jẹ́ nǹkan bí £1,169. Ẹ sọ ọ́ di oṣù 300: ó lé ní £350,000. Ìyẹn ni pé ilé tẹ́ ẹ ní £200,000 lẹ yá fi rà, £150,000 lẹ máa gbé lé báńkì lọ́wọ́ lórí ẹ̀. Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Òun náà rèé.

Ẹ tún wò ó. Nínú £1,169 oṣù àkọ́kọ́, £833 ni èlé. £336 péré ló kan gbèsè lára. Tẹ́ ẹ bá san án fún ọdún márùn-ún gbáko láì padà sẹ́yìn, ẹ ti san £70,000. Ẹ pe báńkì kẹ́ ẹ béèrè èló ló kù. Wọ́n á ní ó ku £177,000. Gbèsè tó ti dín ò tó £23,000. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti san án fún ọdún márùn-ún, ẹ lọ yẹ ìwé yín wò lónìí, kẹ́ ẹ wá sọ bóyá irọ́ la pa.

Àwọn baba wa mọ irú ẹ̀. Láyé ìwọ̀fà, ẹni tó yá owó á fi ara ẹ̀ tàbí ọmọ ẹ̀ sin olówó. Gbogbo iṣẹ́ tí ìwọ̀fà bá ṣe lóko, èlé lásán ni. Kò dín kọ́bọ̀ kan nínú ojú owó. Ó lè sìn ín títí irun ẹ̀ á fi funfun; tí ojú owó ò bá tíì pé, kò tíì bọ́. Mortgage sàn ju ìyẹn lọ, torí ojú owó ń dín díẹ̀díẹ̀. Ṣùgbọ́n ọdún àkọ́kọ́ títí dé ìkarùn-ún, iṣẹ́ ìwọ̀fà ló pọ̀ jù níbẹ̀. Orúkọ yẹn gan-an, mortgage, inú èdè Faransé àtijọ́ ló ti wá, ìtumọ̀ ẹ̀ sì ni ìdógò tó kú. Ẹ ò rí i pé ẹni tó sọ ọ́ lórúkọ ò tàn wá.

Ibi tó tún burú sí ni ti ọdún 35. Wọ́n á ní, "Ẹ má ṣèyọnu, a lè bá yín fa ọdún ẹ̀ gùn, owó oṣù á rọ̀ yín lọ́rùn." Lóòótọ́, ó máa rọ̀. £200,000 kan náà, 5% kan náà, ọdún 35: £1,009 lóṣù. Ẹ ti rí £160 fi sápò lóṣooṣù. Ṣùgbọ́n àpapọ̀ ẹ̀ ti di £424,000. Torí £160 lóṣù, ẹ ti fi £73,000 kún un. Ẹni ogójì ọdún tó bá bọ́ sí irú ẹ̀, ẹni ọdún 75 ló máa jẹ́ kó tó parí. Ṣé ìgbà yẹn lẹ fẹ́ ṣì máa ṣiṣẹ́ òru?

A ò tíì mẹ́nu kan owó lọ́yà, owó ẹni tó wá yẹ ilé wò, owó orí tí ìjọba ń gbà, ìnṣọ́ránsì, òrùlé tó ń jò, bọ́ílà tó kú ní oṣù Kìíní. Tó bá jẹ́ fúláàtì lẹ rà, owó ìtọ́jú ọdọọdún tún wà níbẹ̀ tí ẹlòmíràn ń bù fún yín. Kódà £999 tí báńkì ń gbà láti ṣètò ìwé, tẹ́ ẹ bá ní kí wọ́n da á pọ̀ mọ́ gbèsè, á ti di £1,752 kí ọdún 25 tó pé.

Àwọn kan á ní, "Pásítọ̀, ilé ń gbówó lórí." Lóòótọ́, ó sábà máa ń gbówó lórí. Ṣùgbọ́n ilé tẹ́ ẹ ń gbé inú ẹ̀, ẹ ò lè ná ìgànná ẹ̀ lọ́jà. Tẹ́ ẹ bá tà á, ilé míì tẹ́ ẹ máa rà náà ti wọ́n sí i. Àwọn kan á ní, "Owó ilé onílé, owó tó dànù ni." Èlé náà ńkọ́? Ṣé ó ń padà wá ni? Ẹ fi méjèèjì sórí òṣùwọ̀n. Níbi púpọ̀, rírà ló máa wúwo jù, a gbà. Ṣùgbọ́n ẹ wọ̀n ọ́n ná.

Ibi tá a wá fẹ́ bá àwọn ẹlẹgbẹ́ wa jà nìyí. Ta ló kọ́ wa pé ìṣirò lòdì sí ìgbàgbọ́? Lúùkù orí 14, ẹsẹ 28: Jésù fúnra rẹ̀ ló sọ̀rọ̀ ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé ìṣọ́, pé ó yẹ kó jókòó ka iye tó máa ná a ná. Nehemáyà orí 5: àwọn ará Jerúsálẹ́mù ti fi oko àti ilé wọn dógò nítorí oúnjẹ, igbe wọn dé etí Nehemáyà. Ṣé ó ní kí wọ́n lọ fúnrúgbìn? Rárá o. Ó pe àwọn ọlọ́lá jọ, ó bá wọn wí lójú gbogbo ayé, ó ní kí wọ́n dá ilé àti oko padà, àti èlé tí wọ́n gbà. Ìyá opó inú Àwọn Ọba Kejì orí 4, iṣẹ́ ìyanu òróró ṣẹlẹ̀ fún un tán, ohun tí Èlíṣà kọ́kọ́ ní kó fi ṣe ni kó san gbèsè. Àwa tòde òní ńkọ́? A ń gba irúgbìn lára owó deposit ọmọ ìjọ! Ẹni tó ti fi ọdún mọ́kànlá dá àjọ, a ní kó mú nínú ẹ̀ wá kí ilẹ̀kùn lè ṣí. Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rù Ọlọ́run. Àwa náà ti ṣe é rí, a sì ti bẹ Ọlọ́run, a ti bẹ ìjọ.

Ẹ̀yin ará ilé náà, ẹ gbọ́. Ẹni tó ra ilé ní London kì í ṣe olówó. Olùjẹgbèsè tó ní kọ́kọ́rọ́ ni. Ẹ má torí fọ́tò tẹ́ ẹ rí lórí Facebook fi owó òrùlé, owó ìsìnkú àti owó ilé ìwé lé e lọ́rùn lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ sì fẹ́ yá owó ilé ní Nàìjíríà, tiyín tún le jù. Ẹ fi ₦10 mílíọ̀nù ṣe ìṣirò ní 22%, ogún ọdún: àpapọ̀ ẹ̀ lé ní ₦44 mílíọ̀nù. Owó kan náà ní 6%, tó jẹ́ èlé tí Federal Mortgage Bank ń gbà lọ́wọ́ àwọn tó ń dá owó sí National Housing Fund, á jẹ́ nǹkan bí ₦17 mílíọ̀nù. Láti 1992 ni ètò yìí ti wà, 2.5% ni wọ́n ń yọ lára owó oṣù òṣìṣẹ́. Ọ̀pọ̀ ni wọ́n ń yọ ọ́ lára wọn tí wọn ò béèrè rí ohun tó wà fún. Ẹ lọ béèrè.

Kí la wá fẹ́ kẹ́ ẹ ṣe? Ìwé tí báńkì gbọ́dọ̀ fún yín kẹ́ ẹ tó buwọ́ lù ú, àpapọ̀ owó tẹ́ ẹ máa san wà nínú ẹ̀, àti iye tó máa jẹ́ lórí £1 kọ̀ọ̀kan. Ẹ wá a rí. Tẹ́ ẹ bá rí £1.75, ó yé yín. Ẹ kọ ọjọ́ tí èlé máa yí padà sára ògiri, kẹ́ ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í wá èlé míì ní oṣù mẹ́fà ṣáájú. Ẹ ṣe ìṣirò ẹ̀ bí ẹni pé èlé fi 3% lé sí i, kẹ́ ẹ wò ó bóyá ẹ ṣì máa jẹun. Tọ́wọ́ bá gbà, ẹ máa fi díẹ̀ lé e: £100 péré lóṣù lórí £200,000 yẹn á gé ọdún mẹ́ta àti oṣù méje kúrò, ẹ ó sì gba ju £24,000 lọ lọ́wọ́ èlé. Ọ̀pọ̀ báńkì ló ń jẹ́ kẹ́ ẹ san tó 10% gbèsè lé e lọ́dún láì gba owó ìtanràn, ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ béèrè. Tó bá sì le, ẹ má dákẹ́. Ẹni tó bá dákẹ́, tara ẹ̀ á bá a dákẹ́. Ẹ pe báńkì kẹ́ ẹ tó jẹ gbèsè oṣù kan. Citizens Advice àti StepChange ń gbani nímọ̀ràn lọ́fẹ̀ẹ́. Lẹ́yìn náà, ẹ wá bá wa, ká gbàdúrà.

Tọkọtaya wa yẹn ò pàdánù ilé wọn, ògo ni fún Ọlọ́run. Arábìnrin náà àti àwa la jọ jókòó pe báńkì. Wọ́n fi ọdún mẹ́wàá kún un, owó oṣù wálẹ̀ sí £1,088. Wọ́n mí kanlẹ̀. Ṣùgbọ́n tí èlé bá dúró síbi tó wà, ọdún mẹ́wàá yẹn máa ná wọn ní nǹkan bí £85,000. Arákùnrin náà, ẹni ọdún 38 nígbà yẹn, á pé ẹni ọdún 71 kó tó bọ́. Iye tí ìdákẹ́jẹ́ẹ́ oṣù méje àti ijó tí kò ní ìṣirò máa ń ná èèyàn nìyẹn.

Nínú ìjọ wa, a ti yí i padà. Ẹni tó bá fẹ́ jẹ́rìí ilé, á kọ́kọ́ mú ìwé ẹ̀ wá, àwọn tó mọ̀ nípa owó nínú ìjọ á bá a kà á láàárín ara wọn, láìsí ariwo. A ṣì ń dúpẹ́ lọ́jọ́ kọ́kọ́rọ́, ṣùgbọ́n a ò ní kí ẹnikẹ́ni wá fọwọ́ kàn án mọ́. Ọjọ́ tí lẹ́tà bá dé pé gbèsè ti tán, ọjọ́ yẹn la máa jó. Ìyá àgbà kan jẹ́ irú ẹ̀rí yẹn lọ́dún tó kọjá. Kò gbé kọ́kọ́rọ́ dání. Ìwé kan ló mú wá, ó ní, "Ẹ bá mi dúpẹ́, mi ò jẹ ẹnikẹ́ni mọ́." Ọ̀pọ̀ nínú ìjọ ò tiẹ̀ mọ̀ pé ó yẹ kí wọ́n pàtẹ́wọ́.

Ẹ fi ránṣẹ́ sí ẹni tó fẹ́ buwọ́ lùwé lọ́sẹ̀ yìí. Olúwa á fún wa ní ilé, á sì fún wa ní ọgbọ́n tá a máa fi gbé inú ẹ̀. Àmín.