Mítà Kan, Yàrá Mẹ́fà: Ta Ni Yóò San Owó Iná Ta?

Àjọjẹ ò dùn bí ẹnìkan ò ní. Owó iná ni kẹ́ ẹ fi ọ̀rọ̀ yìí wò, ẹ̀yin ayálégbé. Ẹ wọ àdúgbò èyíkéyìí ní Ìkìrun, ẹ kọjá sí Ìnísà, ẹ dé Òkukù, ẹ ó rí ilé oníyàrá mẹ́fà tàbí mẹ́jọ tí ilẹ̀kùn wọn kọjú síra, tó jẹ́ pé mítà kan ṣoṣo ló wà lára ògiri. Àwọn tó ti ń bu iyọ̀ fún ara wọn tipẹ́, bíìlì iná á dé, wọn ò ní kí ara wọn mọ́.

Ìyá tó ń ta omi tútù á ní, "Ṣé èmi nìkan ni mò ń lo iná ni?" Télọ̀ á ní iná ò sí fún odidi ọjọ́ mẹ́ta tí iṣẹ́ ọdún wà lọ́wọ́ òun. Ìyá arúgbó tó jẹ́ pé gílóòbù kan péré ló ní á kàn mirí. Láńdílọ́ọ̀dù á wá dá ẹjọ́: "Iye yàrá ni kẹ́ ẹ fi pín in." Ẹjọ́ tán, ìbínú ò tán.

Bẹ́ẹ̀ ìṣirò ibẹ̀ ò le ju ti ọjà lọ. Bí wọ́n ṣe ń fi kóńgò ta gàrí ni wọ́n ń fi yúníìtì ta iná. Ohun tó ń jẹ 1,000 wáàtì, tó bá ṣiṣẹ́ fún wákàtí kan gbáko, yúníìtì kan ló jẹ. Wọ́n sábà máa ń kọ iye wáàtì sí ẹ̀yìn tàbí ìdí nǹkan náà.

Ká ní yúníìtì kan jẹ́ ₦60, tí ilé oníyàrá mẹ́fà lo 300 yúníìtì lóṣù. ₦18,000 nìyẹn, láìtíì ka owó orí ọjà tíjọba ń gbà mọ́ ọn. Tí wọ́n bá fi yàrá pín in, ₦3,000 ni kálukú á san.

Ẹ wá jẹ́ ká wo ohun tí kálukú jẹ. Gílóòbù ìyá arúgbó, 10 wáàtì, wákàtí mẹ́fà lálẹ́ fún 30 ọjọ́: kò tó yúníìtì méjì, kò tó ₦120. Áyọ́ọ̀nù télọ̀, 1,000 wáàtì, wákàtí méjì lójúmọ́ fún 26 ọjọ́: 52 yúníìtì, ₦3,120. Fírísà olómi tútù, tó bá ń jẹ yúníìtì méjì lójúmọ́: 60 yúníìtì, ₦3,600. Àṣé ìyá arúgbó ló ń bá wọn san owó omi tútù!

Olómi tútù ò ṣẹ̀ o, iṣẹ́ ajé ló ń ṣe. Àmọ́ owó iná fírísà wà lára owó ọjà, bí owó ọ̀rá ṣe wà lára rẹ̀. Ẹni tí ará ilé ń bá san owó iná kò tíì mọ èrè ara rẹ̀.

Láńdílọ́ọ̀dù náà ní àwíjàre: fífi yàrá pín in kì í jẹ́ kẹ́nikẹ́ni máa yọjú wo yàrá ẹlòmíì. Òótọ́ ni, nígbà tí ẹrù kálukú bá fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba, tí iná ò sì wọ́n. Ìgbà yẹn ti lọ. NEPA dé ní 1972, PHCN gbà á ní 2005, láti oṣù kọkànlá 2013 ni IBEDC ti ń pín iná ní Ọ̀ṣun. Òṣogbo tó wà nítòsí ni wọ́n ti ń darí iná gbogbo Nàìjíríà, ṣùgbọ́n ẹni tó ń gbé ẹ̀gbẹ́ ọjà kì í gba ọjà lọ́fẹ̀ẹ́. Ní oṣù kẹrin 2024, àjọ NERC tó ń ṣàkóso iná fọwọ́ sí i kí yúníìtì àwọn tó wà ní Band A, àwọn tó yẹ kó máa rí iná fún wákàtí 20 lójúmọ́ ó kéré tán, kúrò ní nǹkan bíi ₦68 kó di ₦225. Ní iye yẹn, fírísà kan ṣoṣo yẹn á jẹ ₦13,500 lóṣù. Ta ló fẹ́ bá ẹlòmíì pín ìyẹn?

Kí wá ni ṣíṣe? Kẹ́ ẹ tó san rẹ́ńtì, ẹ bèèrè Band tí ilé náà wà, kẹ́ ẹ sì bèèrè bóyá gbèsè wà lọ́rùn mítà. Tẹ́ ẹ bá ti wọlé, ẹ kọ ohun tí yàrá kọ̀ọ̀kan ń lò sínú ìwé kan. Iná ìta àti ti ẹ̀rọ omi, ẹ pín in dọ́gba. Ẹni tó ní fírísà tàbí tó ń fi iná ṣiṣẹ́ ajé, kó ra mítà kékeré tí yóò máa ka tirẹ̀ lọ́tọ̀, kí oníṣẹ́ iná tó mọṣẹ́ bá a so ó.

Ilé tí kò ní mítà ńkọ́, tó jẹ́ pé wọ́n kàn ń fojú díwọ̀n bíìlì fún un? Òfin NERC sọ pé ẹni tí bíìlì àfojúdíwọ̀n kò bá tẹ́ lọ́rùn lè kọ̀wé ẹ̀hónú, kó sì máa san iye tó wà lórí bíìlì tó kẹ́yìn tí kò sí àríyànjiyàn lórí rẹ̀, títí wọn ó fi yanjú ọ̀rọ̀ náà. Ẹ fi ẹ̀dà ìwé yín pa mọ́ o. Ẹnu lásán ò tó ẹ̀rí.

Kí ẹni tó jẹ iná púpọ̀ san púpọ̀. Ẹni tó jẹ díẹ̀, ẹ jẹ́ kó sùn.