Ọkọ̀ Tí Ń Kú Lójú Ọ̀nà

Baba kan kọ̀wé sí wa pé ọkọ̀ Jeep Cherokee òun, ti ọdún 1993, a máa kú lójú ọ̀nà bí ó bá ti gbóná. Bí ó bá sì tutù, a tún ṣiṣẹ́. Wọ́n ní kí ó ra ẹ́ńjìnnì mìíràn, bẹ́ẹ̀ ni owó ilé-ìwé àwọn ọmọ ni ó wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Baba, ẹ má tíì ná owó náà. Ẹ ṣí kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀, kí ẹ pa á, kí ẹ ṣí i, kí ẹ pa á, kí ẹ tún ṣí i, láàárín ìṣẹ́jú-àáyá 5; ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí ẹ́ńjìnnì ṣiṣẹ́. Iná ẹ́ńjìnnì tí ó wà níwájú awakọ̀ yóò máa ṣẹ́jú. Bí ó bá ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀kan, tí ó sinmi díẹ̀, tí ó tún ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀kan, 11 ni: kọ̀ǹpútà ọkọ̀ kò gbúròó sensọ̀ tí ń ṣọ́ yíyí ẹ́ńjìnnì. 55 ni òpin ọ̀rọ̀ rẹ̀.

Ẹ̀yìn ẹ́ńjìnnì ni sensọ̀ náà wà, lókè ibi tí ó ti so mọ́ gíá, ní apá òsì. Ẹ kọ́kọ́ wo wáyà rẹ̀, bóyá páìpù èéfín ti jó o. Bí iná kò bá tilẹ̀ sọ 11, ẹ má tíì dá sensọ̀ náà láre, nítorí bí ó bá tutù, ara rẹ̀ a máa yá.

Orí bíbẹ́ kọ́ ni oògùn orí fífọ́.