Lẹ́tà sí Ẹ̀yin Tí Ẹ Ń Fi Síkọ́láṣíìpù Ṣe Ìdíje

Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣonígbọ̀wọ́ ìdíje síkọ́láṣíìpù fún àwọn ọmọbìnrin girama wa,

Owó tí ẹ ń ná sórí ọmọ ọlọ́mọ kì í ṣe kékeré, àpò yín kò ní gbẹ. Ṣùgbọ́n bí ẹ ṣe ń pín in ń dùn mí, torí pé ọwọ́ ọmọ tó nílò rẹ̀ jù lọ kì í tó o.

Ẹ wo fọ́ọ̀mù yín. Orí íntánẹ́ẹ̀tì ló sábà máa ń wà, bẹ́ẹ̀ ọ̀pọ̀ ilé-ìwé ìjọba ni kì í gbà kí akẹ́kọ̀ọ́ mú fóònù wọlé. Ẹ ní kí ọmọ kọ àròkọ lédè Gẹ̀ẹ́sì, kí ó tẹ̀ ẹ́ sórí kọ̀ǹpútà, kí ó fi fọ́tò àti lẹ́tà ọ̀gá ilé-ìwé tì í. Ọmọ tó ń kiri ata títí ilẹ̀ fi ń ṣú ni yóò wá bá ọmọ tí tíṣà ń wá kọ́ nílé díje. Ẹ̀yin náà mọ ẹni tí yóò gbégbá orókè.

Àkókò ìdíje yín náà kò bá ìṣòro mu. Òfin ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ Nàìjíríà ti ọdún 2004 kò kọjá ọdún 9 àkọ́kọ́. JSS3 ló parí sí. Láti SS1 ni apá ọ̀pọ̀ mẹ̀kúnnù kì í ti í ká a mọ́, tí wọ́n á ní kí obìnrin lọ kọ́ṣẹ́ aránṣọ, kí ọkùnrin máa bá ìwé lọ. Ṣùgbọ́n SS3 ni púpọ̀ nínú yín ti ń dúró de ọmọ.

Lẹ́yìn gbogbo rẹ̀, ọmọ kan ṣoṣo ni yóò gbé páálí ńlá tí wọ́n kọ owó sí lójú kámẹ́rà. Ẹ ṣírò owó gbọ̀ngàn, owó oúnjẹ àti owó ìpolówó ọjọ́ náà, kí ẹ wo iye ọmọ tí ì bá rán lọ sí ilé-ìwé.

Ọ̀nà mìíràn wà. Ìpínlẹ̀ Èkìtì wà lára ìpínlẹ̀ 7 àkọ́kọ́ nínú AGILE, ètò ẹ̀kọ́ àwọn ọmọbìnrin tí Báńkì Àgbáyé fọwọ́ sí owó rẹ̀ ní 2020. Ọmọbìnrin ilé aláìní ni wọ́n ní lọ́kàn fún owó ìrànwọ́ ibẹ̀, kì í ṣe ẹni tó borí ìdíje.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ bá àwọn tíṣà. Wọ́n mọ ọmọ tí ijókòó rẹ̀ ti ṣófo láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá, wọ́n mọ èyí tí owó ìdánwò WAEC rẹ̀ kò tíì pé. Ẹ san án fún ilé-ìwé tààrà, ẹ má ya fọ́tò rẹ̀. Bí ẹ bá ṣì fẹ́ ṣe ìdíje, ẹ fi ife àti ìwé dá ẹni tó borí lọ́lá. Owó ilé-ìwé ọmọ aláìní kò yẹ ní ohun tí à ń du.