Ẹ Má Fi Godzilla Ṣe Ẹlẹ́yà

Bí ẹnikẹ́ni bá dárúkọ fíìmù abàmì ẹranko ilẹ̀ Jàpáànù ní ẹ̀ka wa, ẹ̀rín ló máa ń kọ́kọ́ sọ. Wọ́n á ní, ṣebí ènìyàn ló kó sínú aṣọ rọ́bà tó ń fẹsẹ̀ tẹ ilé páálí. Òótọ́ ni. Nínú Gojira àkọ́kọ́, tó jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 1954, Haruo Nakajima wà lára àwọn tó wọ aṣọ náà, ilé kéékèèké tí wọ́n fọwọ́ mọ ló sì ń wó. Síbẹ̀, tó bá kan ká fi irú eré bẹ́ẹ̀ rẹ́rìn-ín, àwa ará Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́ ló yẹ kó gbẹ̀yìn.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti orí orúkọ, torí iṣẹ́ wa nìyẹn. Ọ̀rọ̀ méjì ni wọ́n pa pọ̀ di "Gojira": "gorira" tó jẹ́ ìnàkí, àti "kujira" tó jẹ́ àbùùbùtán. Wọ́n mú orí ti àkọ́kọ́, wọ́n mú ìdí ti èkejì. Ibi tí ẹranko náà fúnra rẹ̀ ti wá kò ní ẹ̀rín nínú. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹta ọdún 1954, Amẹ́ríkà dán bọ́ǹbù háídírójìn wò ní erékùṣù Bikini. Eérú rẹ̀ bọ́ sórí ọkọ̀ àwọn apẹja Jàpáànù kan, Daigo Fukuryū Maru, tí ènìyàn 23 wà nínú rẹ̀. Nígbà tó di oṣù kẹsàn-án, Aikichi Kuboyama tó ń bójú tó rédíò ọkọ̀ náà kú. Ọdún mẹ́sàn-án péré ni Hiroshima àti Nagasaki fi ṣíwájú èyí. Nígbà tí fíìmù náà wá bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ọkọ̀ ojú omi tí iná ṣàdédé bẹ́ lé lórí, kò sẹ́ni tó ní láti ṣàlàyé fún òǹwòran ní Tokyo. Ẹni tí ejò bá ti bù ṣán rí, bó bá rí ekòló, yóò sá.

Nígbà tí fíìmù yìí dé Amẹ́ríkà ní 1956, wọ́n gé púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ bọ́ǹbù dànù, wọ́n sì ki òṣèré wọn, Raymond Burr, bọ̀ ọ́ gẹ́gẹ́ bí oníròyìn. Ẹranko náà kò kéré sí i, ariwo rẹ̀ kò sì dín. Ohun tó sọnù ni ìdí tó fi wá. Godzilla Minus One ti ọdún 2023 dá a padà sí ìgbà tí ogun ṣẹ̀ṣẹ̀ parí, ó fi í síwájú awakọ̀ òfuurufú kan tó yẹ kó kú sógun ṣùgbọ́n tó sá fún ikú, tí ojú sì ń tì. Ó gba Oscar fún iṣẹ́ idán inú àwòrán, ṣùgbọ́n ìtìjú ọkùnrin yẹn ló gbé fíìmù náà ró. Lójú tèmi, títóbi kọ́ ló ń fa èrò. Ẹ̀rù kan wà tí gbogbo ìlú ń bà, tí wọn kò lè tọ́ka sí. Fíìmù náà fún un ní ara, wọ́n sì jọ jókòó wò ó.

Àwa náà mọ irú rẹ̀. Ìtàn àbáláyé Ògbómọ̀ṣọ́ sọ pé jagunjagun kan, Ẹlẹ́mọ̀ṣọ́, ń da Ọ̀yọ́ láàmú débi pé apá kò ká a mọ́. Ògúnlọlá ọdẹ, tó wà ní àhámọ́ Aláàfin nígbà náà, ló lọ pa á, tó sì gbé orí rẹ̀ wá. Ẹ wo bí a ṣe sún "ẹni tó gbé orí Ẹlẹ́mọ̀ṣọ́" kì títí tó fi di Ògbómọ̀ṣọ́. Nígbàkígbà tí agbèrò bá ń ké orúkọ ìlú yìí ní gáréèjì, ìtàn bí adẹ́rùbani kan ṣe kú ló ń ké.

Ti aṣọ wíwọ̀ ńkọ́? Ní 1826, Clapperton dé Ọ̀yọ́-Ilé, olú-ìlú tí Ọ̀yọ́ òní rọ́pò lẹ́yìn tó tú. Ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé eégún apidán ṣeré níwájú Aláàfin. Òjòlá kan jáde láti inú àpò, aṣọ tí wọ́n kùn ni, ó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 14, ó ń la ẹnu, ó ń pa á dé. Lẹ́yìn náà ni òyìnbó jáde: funfun báláú, ó rù, òtútù ń mú un, ó ń rìn bí ẹni tí ilẹ̀ ń gún lẹ́sẹ̀. Àwọn èrò ní kí Clapperton fúnra rẹ̀ wò ó dáadáa!

Ẹnì kan lè ní eégún kì í ṣe eré, ọ̀rọ̀ ará ọ̀run ni. Mo gbà. Ṣùgbọ́n idán jẹ́ apá tí wọ́n ń ṣe kí ojú lè rí nǹkan, àwọn ọ̀jẹ̀ sì ti mọ̀ ọ́n ṣe kí sinimá tó dé ayé. Ohun tó ń dùn mí ni pé ọ̀pọ̀ iwin inú fíìmù wa báyìí kò ti ibì kankan wá. Wọ́n ní ìwo, ojú wọn ń ta iná, kọ̀ǹpútà ló sì ṣe gbogbo rẹ̀. Bí ẹ bá bèèrè ẹ̀rù ta ni wọ́n jẹ́, kò sí ìdáhùn.

Ẹ̀rù kò sì wọ́n wa. Ẹ wo ọ̀nà Ọ̀yọ́ sí Ògbómọ̀ṣọ́, nǹkan bíi kìlómítà 50, tí iṣẹ́ ìmúgbòòrò rẹ̀ fà nílẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, tí tírélà àti táńkà epo ń bá bọ́ọ̀sì akẹ́kọ̀ọ́ du ojú títì tóóró. Ìyá ta ni kì í pè láti bèèrè bóyá ọmọ òun ti dé? Bí ẹnì kan nínú wa bá fẹ́ ṣe fíìmù abàmì ẹranko, kó má wulẹ̀ wá a lọ sí Tokyo. Kó jẹ́ kó jí dìde láti abẹ́ ọ̀dà títì yẹn, kó sì lọ bá àwọn ọ̀jẹ̀ Ọ̀yọ́ kí wọ́n bá a rán aṣọ rẹ̀. Èmi á sanwó wò ó. Mo sì mọ̀ pé kò sẹ́ni tó ti gba ọ̀nà yẹn rí tó máa rẹ́rìn-ín.