Ẹ̀yọ̀ Ta Ni?

Gbogbo wa tí a jókòó ní kíláàsì ohùn ní ọdún àkọ́kọ́ la ti ka àwọn márùn-ún yẹn títí ó fi sú wa: igba, igbá, igbà, ìgbà, ìgbá. Ohùn kan ṣoṣo ló ya àsìkò sọ́tọ̀ kúrò lára èso inú ọgbà. Èèṣì ni, mo mọ̀. Kí ẹnikẹ́ni má fi kọ iṣẹ́ àṣekágbá o. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn gbajúmọ̀ ayé wọṣọ òdòdó lọ sí Met Gala ní 2024, tí wọ́n ní “The Garden of Time” ni wọ́n ń wọṣọ fún, ìgbà àti ìgbá yẹn ló kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn.

Ìtàn kúkúrú tí J. G. Ballard kọ ní 1962 ni wọ́n ti mú orúkọ yẹn. Ọkùnrin ọlọ́lá kan àti ìyàwó rẹ̀ ní ọgbà kan tó ń hu òdòdó àsìkò. Bí ọkùnrin náà bá já ọ̀kan, àsìkò á padà sẹ́yìn díẹ̀, ogunlọ́gọ̀ tó ń bọ̀ wá bo ilé wọn á tún jìnnà. Òdòdó sì ń tán lọ. Mo gbádùn rẹ̀, ṣùgbọ́n kò yà mí lẹ́nu tó bó ṣe ya àwọn ẹgbẹ́ mi. Ohun tí Ballard fi ṣe àrà, ó sún mọ́ ọ̀rọ̀ ẹnu wa lójoojúmọ́. Oṣù méjìlá, ọdún ni. Àjọyọ̀, ọdún náà ni. Ẹni tó ń ṣàdúrà fún ẹ ní kí o ṣe ọ̀pọ̀ ọdún láyé. Kò ní kí ọ̀pọ̀ ọdún kọjá lórí rẹ. Ọdún tí ẹnikẹ́ni ò ṣe, ṣé ó dé rárá?

Ìsàlẹ̀ Èkó ni mo fẹ́ mú ọ̀rọ̀ yìí lọ. Iga Ìdúngànràn, ààfin Ọba Èkó, orí oko ata Arómirẹ́ ni ìtàn ní wọ́n kọ́ ọ sí, orúkọ rẹ̀ ò sì jẹ́ kí a gbàgbé oko náà. Àdúgbò yẹn kan náà ló ni Ẹ̀yọ̀, ọdún tí kò ní ọjọ́ lórí kàlẹ́ńdà. Èyí tí wọ́n sábà máa ń pè ní àkọ́kọ́ jáde ní 1854 fún Ọba Akítóyè, tó wàjà ní 1853. Láti ìgbà náà, Ẹ̀yọ̀ lè jáde lónìí, kó tó ọdún mélòó kan kó tó tún jáde. Ọba tó wàjà, ìjòyè tó lọ, èèyàn ńlá tí Èkó fẹ́ yẹ́ sí: àwọn ló ń mú un pọ́n. Kódà èyí tó jáde ní 20 May 2017, nígbà tí Ìpínlẹ̀ Èkó pé àádọ́ta ọdún, ó ní ìdí tirẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ ìdí ti ìjọba.

Nísinsìnyí àwọn kan ní kí Ẹ̀yọ̀ máa jáde lọ́dọọdún, pàápàá ní Disẹ́ńbà, nígbà tí àwọn ará òkè òkun bá wálé. Mi ò rí wọn bí ọ̀tá àṣà. Owó wà níbẹ̀, òtẹ́ẹ̀lì á kún, ọmọ tí wọ́n bí sí London á rí i. Òótọ́ sì ni pé Ọ̀ṣun Òṣogbo ń wáyé ní oṣù Ògùn lọ́dọọdún, kò sì bà á jẹ́. Ṣùgbọ́n ata àti obì kì í ṣe ọ̀kan náà. Ẹni tó bá gbin obì, tó ní kó so lọ́dún tí òun gbìn ín, kò mọ iṣẹ́ oko.

Ẹ gbọ́ bí àwọn èèyàn ṣe ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Bí wọ́n bá ní Ẹ̀yọ̀ ń bọ̀, ìbéèrè tó kàn ni: “Ẹ̀yọ̀ ta ni?” Orúkọ èèyàn ni ìdáhùn. Ẹni yẹn ni wọ́n ń torí rẹ̀ ti ọ̀nà láti ẹsẹ̀ afárá Carter títí dé Tinúbú, òun ni Ìdúmọ̀tà ń torí rẹ̀ pa ọjà tì. Bí a bá sọ ọ́ di ọlọ́dọọdún, “Ẹ̀yọ̀ ọdún wo?” ni a ó máa béèrè, nọ́ńbà ni a ó sì máa fi dáhùn. Àwa tí a ń kọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá èdè mọ̀ pé ta ni àti wo kì í béèrè ohun kan náà. Bí orúkọ bá yọ kúrò nínú ìdáhùn, kí ni ẹni tó ń ṣọ́ọ̀bù ní Balógun fẹ́ sọ pé òun torí rẹ̀ ti ṣọ́ọ̀bù?

Ní ti àwọn àgbà ẹ̀ka wa tó wà lókè òkun, tí wọ́n ń béèrè ọjọ́ kí wọ́n lè ra tíkẹ́ẹ̀tì, ẹ̀bẹ̀ yín kò burú. Ààfin àti ìjọba lè tètè kéde, nígbà tí orúkọ bá ti wà. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ètò àtijọ́ ló kù: Adímú alákẹtẹ̀ dúdú á gbé ọ̀pá jáde lọ́jọ́ Sunday, Làbà aláwọ̀ pupa lọ́jọ́ Monday, Oníko, Ológèdè àti Àgẹ̀rẹ̀ á tẹ̀ lé e títí di Thursday, Ẹ̀yọ̀ á sì bọ́ sígboro ní Saturday. Ọjọ́ mẹ́fà péré. Mo mọ̀ pé ọ̀gá yín níbi iṣẹ́ lè má gbà.