Eré ẹṣin kú l'Ékòó: ẹ̀kọ́ ńlá ni fún àwọn oníṣòwò Ẹdẹ

Àwọn oníṣòwò Ẹdẹ tó máa ń lọ kó ọjà ní Ìdúmọ̀tà àti Balógun l'Ékòó kò ní í ṣàì mọ ẹṣin funfun mẹ́rin tó wà lẹ́nu ọ̀nà Tafawa Balewa Square, tí gbogbo èèyàn ń pè ní TBS. Irú ẹṣin tó wà nínú àmì orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ni. Ohun tí púpọ̀ nínú wọn kò mọ̀ ni pé kí wọ́n tó gbé ère ẹṣin síbẹ̀, ẹṣin ẹlẹ́mìí ló ń sáré lórí ilẹ̀ náà.

Ọdún 1859 ni Ọba Dòsùnmú yọ̀ǹda ilẹ̀ ọ̀hún, ìyẹn ọdún méjì ṣáájú kí àwọn òyìnbó tó gba Èkó lọ́wọ́ ọba náà. Race Course ni wọ́n ń pè é. Níbẹ̀ ni àwọn òyìnbó àti àwọn gbajúmọ̀ Èkó ti máa ń pé jọ wo eré ẹṣin. Ibẹ̀ náà ni wọ́n ti sọ àsíá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kalẹ̀, tí wọ́n fa ti Nàìjíríà sókè, nígbà tí a gba òmìnira ní ọjọ́ kìíní, oṣù kẹwàá, ọdún 1960. Nígbà tó yá, ìjọba Ọ̀gágun Yakubu Gowon wó pápá náà, wọ́n sì kọ́ TBS síbẹ̀ lọ́dún 1972. Bí eré ẹṣin ṣe dópin níbẹ̀ nìyẹn.

Ẹṣin kan kì í dá wá sórí pápá. Ẹnì kan ní láti gé koríko fún un, ẹlòmíì á wẹ̀ ẹ́, ẹlòmíì á ṣe gàárì. Bí èrò bá sì ti pé, olóńjẹ, ọlọ́tí àti aránṣọ náà á rí tiwọn ṣe. Kò sí ìkankan nínú àwọn wọ̀nyí tó ní ilẹ̀ náà. Ìjọba ló ni ín, nígbà tí ìjọba sì fẹ́ fi ṣe nǹkan mìíràn, ọ̀rọ̀ ti parí.

Ẹnì kan lè béèrè pé kí ló dé tí eré náà kò fi kó lọ síbòmíràn, kó sì máa gbilẹ̀ lọ? Ìdáhùn kan wà nínú ọ̀rọ̀ abo ẹṣin.

Ní ìlú Epsom nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọdún 1779 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ eré kan tí wọ́n ń pè ní Oaks. Abo ẹṣin ọlọ́dún mẹ́ta nìkan ló ń sá a, ẹ̀yà Thoroughbred tí wọ́n ń sìn fún eré sísá. Bridget, abo ẹṣin ìjòyè Derby, ló kọ́kọ́ gbégbá orókè. Ọdún kejì ni wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ Derby tí gbogbo ayé mọ̀. Kí ni wọ́n ń wá tí wọ́n fi ya eré sọ́tọ̀ fún abo ẹṣin? Owó ẹ̀bùn ọjọ́ náà nìkan kọ́. Abo tó bá yege, ọmọ tí yóò bí lọ́jọ́ iwájú ni àwọn olówó ń wò. Bó bá fẹ̀yìn tì lórí pápá, ìgbà yẹn gan-an ni òwò rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀.

Ilẹ̀ igbó wa kò rí bẹ́ẹ̀. Eṣinṣin kan wà nínú igbó tó ń kó àrùn ran ẹṣin, tí kò jẹ́ kí ẹṣin bí kó sì gbilẹ̀ níhìn-ín. Láti ìgbà Ọ̀yọ́ Ilé, Òkè Ọya la ti ń ra ẹṣin. Èyí túmọ̀ sí pé pápá wà l'Ékòó, èrò wà, owó wà, ṣùgbọ́n ìyá ẹran kò sí nílé. Nígbà tí wọ́n gba pápá, kò sí gbòǹgbò tí igi náà yóò fi tún hù.

Ẹ fi èyí wé ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Pápá Hollywood Park ní ìpínlẹ̀ California ní eré abo ẹṣin tirẹ̀, Hollywood Oaks. Oṣù kejìlá ọdún 2013 ni wọ́n ti pápá náà pa. Pápá bọ́ọ̀lù SoFi ló wà lórí ilẹ̀ rẹ̀ báyìí. Ṣùgbọ́n eré náà kò bá ilẹ̀ lọ. Wọ́n gbé e lọ sí pápá Santa Anita, wọ́n sì yí orúkọ rẹ̀ padà sí Summertime Oaks. Ó pàdánù ilẹ̀, ó pàdánù orúkọ, ṣùgbọ́n àwọn tó ń sin abo ẹṣin ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́ wọn.

Kí ló kan oníṣòwò Ẹdẹ nínú èyí? Ó kàn án gan-an ni. Nígbà tí ojú irin gba Ẹdẹ kọjá dé Òṣogbo lọ́dún 1907, ibùdókọ̀ rèlúwéè di ibi ìtajà. Nígbà tí ọkọ̀ ojú irin kò rin déédéé mọ́, ẹni tó gbójú lé èrò ọkọ̀ nìkan mọ ohun tí ojú rẹ̀ rí. Lónìí, àwọn ọmọ ilé ìwé gíga ni èrò tí ọ̀pọ̀ ìsọ̀ ń wò. Ọdún 1992 ni ìjọba àpapọ̀ dá Poly Ẹdẹ sílẹ̀. Adeleke University bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2011, Redeemer's University sì kó láti ìpínlẹ̀ Ògùn wá sí Ẹdẹ. Ìbùkún ńlá ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí ìjọba ti gbogbo ilé ìwé pa nítorí Kòrónà lóṣù kẹta ọdún 2020, àti nígbà tí àwọn olùkọ́ Poly daṣẹ́ sílẹ̀ fún nǹkan bí oṣù méjì lọ́dún 2021, ẹni tó ń ta oúnjẹ, tó ń ṣe fọ́tòkópì tàbí tó ń gbé ọ̀kadà lẹ́nu géètì kò rí oníbàárà.

Àwọn kan yóò sọ pé ibi tí èrò bá wà la ti ń tajà. Òótọ́ ni, kò sì sẹ́ni tó ní kí wọ́n kúrò níbẹ̀. Ohun tó yẹ ni kí wọ́n bi ara wọn ní ìbéèrè mẹ́ta. Àkọ́kọ́, ta ló ni ilẹ̀ tí ìsọ̀ wà lórí rẹ̀, ṣé ìwé àdéhùn sì wà? Ìkejì, bí géètì bá tì fún oṣù mẹ́ta, ta ni yóò tún ra ọjà náà? Aláṣè tó ń se oúnjẹ fún ọmọ Poly lè máa gba iṣẹ́ ìnáwó láàárín ìlú. Ìkẹta, níbo ni ìyá ẹran wà? Ìyá ẹran oníṣòwò ni iṣẹ́ ọwọ́ tó mọ̀, ẹ̀rọ tó jẹ́ tirẹ̀, ọmọṣẹ́ tó kọ́ yanjú àti owó tó ń fi sí ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀. Èyí ló ṣeé gbé lọ síbòmíràn.

Ẹ wo Ojúde Ọba ní Ìjẹ̀bú-Òde. Ó ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún tí wọ́n ti ń ṣe é ní ọjọ́ kẹta Iléyá. Àwọn ìdílé ló ń gun ẹṣin níbẹ̀, àwọn regbéregbé ló sì ń ra aṣọ. Ọwọ́ wọn ni gbòǹgbò rẹ̀ wà, ìdí nìyẹn tí aláṣọ òkè, aránṣọ àti ayàwòrán fi ń jẹ níbẹ̀ títí dòní.

Àwọn àgbà ní bí ẹṣin bá dáni, à tún un gùn ni. Ṣùgbọ́n ẹni tó lẹ́ṣin tirẹ̀ ló lè tún un gùn. Kí oníṣòwò Ẹdẹ tètè wá tirẹ̀ ní nígbà tí èrò ṣì pọ̀ lórí pápá.