A Kì í Fá Orí Lẹ́yìn Olórí

Láti ọjọ́ 14 oṣù kẹwàá ọdún 2025, tí ilé-iṣẹ́ Microsoft ti fòpin sí àbójútó Windows 10, tí Windows 11 tí ó jogún ipò rẹ̀ sì ń béèrè 4GB RAM, ó kéré tán, pẹ̀lú èròjà ààbò TPM 2.0 tí ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà tòkunbọ̀ kò bá wá sáyé, ìpọ́njú ti dé bá ẹni tí agbára rẹ̀ kò ká tuntun, ì báà ṣe akẹ́kọ̀ọ́ ní Kàbà, ì báà ṣe ẹni tí ń fi títẹ ìwé jẹun ní Mọ̀pà tàbí ní Ìyàrà.

Ọgbọ́n tí ayé wá dá ni Windows tí a ti gé kù, kí ẹ̀rọ ògbólógbòó lè rí i gbé. N kò bú ọgbọ́n náà, nítorí bí a kò bá rí àdán, a máa ń fi òòbẹ̀ ṣẹbọ. Ṣùgbọ́n a kì í fá orí lẹ́yìn olórí. Lára ohun tí wọ́n sábà máa ń gé dànù ni Windows Update, tí ń dí ihò tí olè ń gbà wọlé, àti Defender, tí ń lé fáírọ́ọ̀sì. Ẹni tí ó ṣe tiny11 core, ọ̀kan lára irú Windows bẹ́ẹ̀, tí méjèèjì kò ti ṣiṣẹ́, ti fi ẹnu ara rẹ̀ kìlọ̀ pé kì í ṣe fún iṣẹ́ ojoojúmọ́. Àwọn mìíràn sì ń bẹ tí a kò mọ ìyá wọn, tí a kò mọ baba wọn, tí a kàn ń dà kọ láti inú fláàṣì kan sí òmíràn, tí ọmọ wa yóò sì jókòó tì í, tí yóò máa tẹ nọ́ńbà àṣírí báńkì rẹ̀ sí i. Igi gàǹgànràn má gùn mí lójú, òkèèrè ni a ti ń wò ó.

Ọ̀nà tí ó mọ́ ju èyí lọ wà. Ní ọjọ́ 25 oṣù kẹjọ ọdún 1991, nígbà tí ó ku ọjọ́ méjì kí a dá Ìpínlẹ̀ Kogi wa sílẹ̀, ni Linus Torvalds, akẹ́kọ̀ọ́ kan ní Finland, kéde iṣẹ́ tí ó di Linux, tí ẹnikẹ́ni lè tú wò, tí ẹnikẹ́ni sì lè tún ṣe. Kò ṣàjèjì sí Nàìjíríà: ní ọdún 2007, Mandriva Linux ni a yàn fún kọ̀ǹpútà Classmate 17,000 tí ó jẹ́ ti àwọn ilé-ẹ̀kọ́ wa, kí àríyànjiyàn tó dìde pé Windows ni kí a fi rọ́pò rẹ̀. Lónìí, Puppy Linux lè ṣiṣẹ́ láti inú fláàṣì láìfọwọ́ kan ohunkóhun tí ó wà nínú ẹ̀rọ, 512MB RAM sì tó láti gbé antiX, irú Linux mìíràn, dìde. N kò ní tàn yín: íntánẹ́ẹ̀tì òde òní wúwo, kò sì sí ètò tí yóò sọ 1GB di 8GB, ṣùgbọ́n fún ìwé títẹ̀ àti ìṣirò, ó tó gbangba sùn lọ́yẹ́.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọmọ Owé, ọmọ Ọbaro, àti gbogbo ọmọ Okun tí ń ṣọ́ ilé-ẹ̀kọ́ tàbí tí ń tún kọ̀ǹpútà ṣe, kí ẹ tó ju ẹ̀rọ sí ààtàn, ẹ kọ́kọ́ dán àwọn wọ̀nyí wò. Bí iṣẹ́ yín bá sì fi dandan béèrè Windows, ẹ gba ojúlówó lọ́wọ́ Microsoft, kí ẹni tí yóò gé e kù gé e níṣojú yín.